Ọkọ Nurbuvi, Ará Andijan

Ọjọ́ Jímọ̀ ni akéde ké òfin náà lẹ́nu ọ̀nà mọ́sáláṣí ńlá ní Yarkand, bí àwọn ọkùnrin ṣe ń jáde tí wọ́n ń wá bàtà wọn kiri. Kó tó ké e tán, ìròyìn ti dé agboolé Nurbuvi. Ó jókòó sórí pèpéle nínú àgbàlá, ó ń fi òwú sílíkì dárà sára fìlà, Aynisa ọmọ rẹ̀ ń fi èérún òwú ṣeré lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, nígbà tí Hoshur àbúrò ìyá Nurbuvi já wọlé láì kanlẹ̀kùn. Hoshur ni olórí àdúgbò. Bí ẹnikẹ́ni bá ṣẹ̀ nínú ọgọ́rùn-ún ilé tó wà lábẹ́ rẹ̀, òun ni ìjọba máa ń dì mú ṣáájú.

"Ọkọ rẹ dà?"

"Ẹ káàbọ̀, Bàbá. Ó wà nílé àwọn oníṣòwò. Ṣé kò sí?"

"Ó wà. Wọ́n ní kí àwọn ará Andijan máa lọ sílé wọn."

Abẹ́rẹ́ dúró sínú fìlà. Láti ìgbà tí àwọn ọmọ aládé àtijọ́ ti kógun wá láti òdìkejì òkè, tí wọ́n pa àwọn ará Ṣáínà nípakúpa, tí ọmọ ogun Ọba Ṣáínà sì wá gbẹ̀san, ọkàn ẹnikẹ́ni kò lélẹ̀ mọ́ ní ìlú náà. Amban, ìyẹn gómìnà tí Ọba rán wá, ti fi ògiri pààlà sáàárín gbogbo èèyàn: ará Ṣáínà nínú ìlú tuntun, Mùsùlùmí nínú ìlú àtijọ́, kí ẹnì kan má ṣe sùn sílé ẹnì kejì. Wàyí, ó kan àwọn ará Andijan, àwọn oníṣòwò tí ń ra tíì ní Yarkand lọ tà lókè ọ̀hún. Wọ́n ní àwọn ló fọ̀nà han àwọn ọlọ́tẹ̀.

Hoshur ka òfin náà fún un bí ẹni ń ka ẹ̀sùn. Ará Andijan tí kò bá tíì pé ọdún mẹ́wàá ní ìlú yóò jáde kí òjò dídì tó dí ọ̀nà orí òkè. Ìjọba á gbẹ́sẹ̀ lé tíì rẹ̀. Ẹni tó bá ti pé ọdún mẹ́wàá lè dúró, bó bá kúnlẹ̀ di ọmọ abẹ́ Ọba, tó sì búra pé òun kò ní kọjá òkè mọ́ láyé òun.

"Ẹni tó bá ń lọ, ṣé ìyàwó rẹ̀ lè tẹ̀ lé e?"

Hoshur wo ilẹ̀. "Obìnrin Yarkand kankan kò gbọdọ̀ jáde. Ọmọ tó bá bí náà kò gbọdọ̀ jáde."

Ọdún mẹ́jọ ni Mirsharip ọkọ Nurbuvi ti dé. Gbogbo àdúgbò ló mọ̀.

Oòrùn ti ń wọ̀ kí Mirsharip tó dé. Ó jókòó síwájú ìrẹsì àti ẹran àgùntàn tí ìyàwó rẹ̀ gbé ka iwájú rẹ̀, kò jẹ ju òkèlè méjì lọ.

"Ẹ sọ̀rọ̀, Bàbá Aynisa."

"Kí ni kí n sọ? Wọ́n ti fi èdìdì sí ilẹ̀kùn yàrá tíì mi. Ọmọ ogun méjì ló dúró tì í."

"Ẹ jẹ́ á fi tíì sílẹ̀. Èmi ńkọ́? Ọmọ yìí ńkọ́?"

"Wọn ò ní jẹ́ kẹ́ ẹ tẹ̀ lé mi."

"Mo gbọ́. Ìdí nìyẹn tẹ́ ò fi ní lọ."

Mirsharip rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín náà kò dénú. "Nurbuvi, ọdún mẹ́jọ ni mo lò. Mẹ́wàá ni wọ́n ń béèrè."

"Ta ló bá yín kà á? Láti òní lọ, ẹ ti pé ọdún mẹ́wàá àti ààbọ̀."

"Wọ́n á ní kí n mú ẹlẹ́rìí wá. Ẹ̀rí àbúrò ìyá rẹ kò tó. Wọn ò gba ti Mùsùlùmí lásán, àfi kí ará Ṣáínà kan bá a gbè é lẹ́sẹ̀."

"Ará Ṣáínà náà á wá."

"Èwo?"

Nurbuvi ń kó èérún ìrẹsì jọ láti orí aṣọ oúnjẹ, ọ̀kọ̀ọ̀kan.

"Ìyá mi ṣì wà láàyè ní Andijan," ni Mirsharip wí nígbà tó yá. "Bí mo bá kúnlẹ̀ fún Amban, mi ò ní fojú kàn án mọ́ títí tí yóò fi kú."

"Bí ẹ bá lọ, ẹ ò ní fojú kan èmi. Ẹ yàn."

Ọkùnrin náà wo ọmọ rẹ̀ tó ti sùn lọ lórí ẹní. Ó fi ọwọ́ nu ojú. "Ó dáa. Bí o bá rí ẹlẹ́rìí, màá kúnlẹ̀."

Kí ilẹ̀ tó mọ́ dáadáa ni Nurbuvi ti gbọ̀nà ilé Tunsa, ọ̀rẹ́ rẹ̀ láti kékeré. Ìparí òpópónà àwọn oníṣẹ́ awọ ni Tunsa ń gbé, níbi tí òórùn awọ kì í jẹ́ kí àlejò pẹ́. Ojú opó ni gbogbo ayé fi ń wò ó, opó tí ń rànwú tà. Nurbuvi nìkan ló mọ̀ pé Jia, oníṣòwò tíì ará Ṣáínà, ni ọkọ rẹ̀ ní ìkọ̀kọ̀, òun ló sì ni ọmọkùnrin tí ń rìn tàgétàgé nínú ilé náà. Bí Amban bá gbọ́, wọ́n á ti pákó ẹlẹ́wọ̀n bọ Jia lọ́rùn, wọ́n á lé e kúrò ní ìlú. Wọ́n á na Tunsa lẹ́gba níta gbangba. Ẹnikẹ́ni kò sì mọ ohun tí wọ́n máa ṣe sí ọmọ náà.

Jia wà níbẹ̀. Ó ti fi fìlà Mùsùlùmí bo irun rẹ̀ tó dì gùn sẹ́yìn bí ará Ṣáínà, ó ń múra láti yọ́ jáde kí èrò tó pọ̀. Ó gbọ́ èdè Yarkand bí ẹni pé ibẹ̀ ni wọ́n bí i sí.

"Ìyá Aynisa, ẹ jókòó, ẹ mu tíì."

"Ọ̀gá Jia, tíì kọ́ ni mo bá wá. Wọ́n ń lé ọkọ mi. Mo fẹ́ kẹ́ ẹ bá mi sọ fún Amban pé ó ti lé lọ́dún mẹ́wàá tẹ́ ẹ ti ń tajà fún un."

Jia sọ ife kalẹ̀ jẹ́jẹ́. "Ẹ fẹ́ kí n purọ́ níwájú Amban."

"Mo fẹ́ kẹ́ ẹ ran ẹni tó ti ń bá yín ṣòwò lọ́wọ́."

"Mirsharip dáa. Ó dáa tó ẹni à á sunkún fún. Kò dáa tó ẹni à á bá kú."

"Ṣé bẹ́ẹ̀ lẹ wí?"

"Bẹ́ẹ̀ ni mo wí. Bí ẹ bá lọ́mọ nílé ní Shanxi bíi tèmi, tẹ́ ẹ tún bí òmíràn níbí, ẹ̀yin náà á mọ bí orí ṣe ń dun èèyàn tó."

Nurbuvi yíjú sí ọmọkùnrin náà. Ìyá rẹ̀ ti di irun ẹ̀yìn orí rẹ̀ ní ìdì kékeré kan, bí àwọn ará Ṣáínà ṣe ń di ti ọmọ wọn.

"Ọmọ yín ń dàgbà, Ọ̀gá Jia. Láìpẹ́, irun rẹ̀ á gùn tó ohun tí aládùúgbò lè rí."

Tunsa gbé orí sókè kúrò nídìí ààrò. "Nurbuvi. Ìwọ lo sọ̀rọ̀ yìí jáde lẹ́nu?"

Ojú ti Nurbuvi débi pé etí rẹ̀ gbóná, ṣùgbọ́n kò mójú kúrò. Ó mọ̀ pé ẹyin lohùn, èyí sì ti balẹ̀.

Jia wò ó títí. "Òwò tíì ni ì bá yẹ obìnrin yìí," ló wí níkẹyìn. "Ó dáa. Màá sọ ọ́. Lẹ́yìn ìyẹn, bí a bá pàdé lọ́nà, ẹ má kí mi."

"Èmi náà," ni Tunsa wí. "Má tún ẹsẹ̀ rẹ gbé wá síbí."

Nurbuvi jáde. Ó dé kọ̀rọ̀ òpópónà kó tó mọ̀ pé òun ń sunkún.

Lọ́jọ́ tí wọ́n pe àwọn ará Andijan, orí òkúta wẹ́wẹ́ ni gbogbo wọn kúnlẹ̀ sí nínú àgbàlá Amban. Wọ́n pín sí ọ̀nà méjì. Àwọn tó gbà pé àwọn ń lọ wà lápá òsì pẹ̀lú ẹrù wọn. Àwọn tó ní àwọn ti pẹ́ wà lápá ọ̀tún, wọ́n ń retí ìdájọ́. Àwọn obìnrin dúró ti ògiri nínú ìbòjú. Àgbàlagbà gbígbẹ kan ni Amban, ó fi awọ ẹranko yí ọrùn ká, ó ń húkọ́. Ògbufọ̀ rẹ̀, Mùsùlùmí ará ìlú Turfan tó wọ sílíkì tó dáa ju ti ẹnikẹ́ni níbẹ̀ lọ, dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀.

Hoshur kọ́kọ́ sọ ẹ̀rí tirẹ̀. Ohùn rẹ̀ gbọ̀n díẹ̀. Jia tẹ̀ lé e, ó sọ tirẹ̀ lédè Ṣáínà, ó rọrùn lẹ́nu rẹ̀ bí ẹni ń sọ iye ọjà. Amban mi orí pé òun gbà.

"Kúnlẹ̀ kó o kan orí mọ́lẹ̀," ni ògbufọ̀ wí fún Mirsharip. "O ti di ọmọ abẹ́ Ọba."

Mirsharip kan orí mọ́lẹ̀. Nurbuvi mí kanlẹ̀. Ó rò pé ó ti parí.

Amban tún sọ gbólóhùn kan, ohùn rẹ̀ kò ròkè rárá. Ògbufọ̀ yíjú sí Mirsharip.

"Ọmọ abẹ́ Ọba a máa ṣiṣẹ́ fún Ọba. Dìde. Rìn gba iwájú ìlà ọ̀tún yẹn. Àwọn kan nínú wọn ń purọ́ pé àwọn ti pẹ́, ìwọ sì mọ̀ wọ́n. Nawọ́ sí wọn."

Gbogbo àgbàlá mọ ohun tí ìyẹn jẹ́. Ẹni tó bá ń lọ yóò lọ sílé rẹ̀. Ẹni tí wọ́n bá mú nínú irọ́, ẹ̀wọ̀n ni, àti ilẹ̀ òtútù níhà àríwá, ibi tí ìròyìn èèyàn kì í ti padà wá.

Mirsharip bẹ̀rẹ̀ sí í rìn. Ó ń rìn bí ẹni ń gba orí yìnyín. Ó dé ọ̀dọ̀ Ismatulla, ó dúró. Arúgbó yìí ló kó o kọjá òkè wá sí Yarkand. Òun ló kọ́ ọ lówò, tó kọ́ ọ bí a ṣe ń fi òórùn mọ tíì tó dáa yàtọ̀ sí èyí tó ti bu. Ọ̀wọ́ ràkúnmí kan náà ló kó àwọn méjèèjì wọ̀lú. Ọdún mẹ́jọ ti Mirsharip, ọdún mẹ́jọ tirẹ̀ náà ni. Arúgbó náà tẹ orí mọ́ irùngbọ̀n rẹ̀, kò wo òkè.

Nawọ́ sí i, ni Nurbuvi ń wí nínú ọkàn rẹ̀. Ó ti gbó. Kò ní ìyàwó, kò ní ọmọ. Nawọ́ sí i ká máa lọ sílé. Ó ń tijú ohun tó ń rò, síbẹ̀ kò dẹ́kun rírò ó.

Mirsharip bojú wẹ̀yìn. Ojú rẹ̀ wá Nurbuvi rí láàrin gbogbo ìbòjú wọ̀nyẹn. Ó kúrò níwájú arúgbó náà, ó rékọjá sí apá òsì, ó sì kúnlẹ̀ láàrin àwọn tó ń lọ.

"Mi ò mọ ẹni tó ń purọ́," ló wí. "Ẹ kà mí mọ́ àwọn wọ̀nyí."

Ògbufọ̀ kò tètè túmọ̀ rẹ̀. Amban bi í, ó tún bi í, nígbà tó sì gbọ́, ó yíjú sí Jia. Ìbéèrè kúkúrú ni. Kò sí ẹni tí kò mọ̀ ọ́n láì jẹ́ pé ó gbọ́ Ṣáínà: ṣé ọkùnrin yìí ti pẹ́ níbí, àbí kò pẹ́?

Òógùn yọ níwájú orí Jia nínú òtútù yẹn. Ó tẹrí ba, ó rẹ́rìn-ín bí ẹni tójú ń tì nítorí ẹlòmíràn, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀. Ó pẹ́ kó tó dákẹ́. Ògbufọ̀ wá tún un sọ fún gbogbo èèyàn:

"Ó ní ọkùnrin yìí ti pẹ́ níbí dájú. Ó ní ìyá rẹ̀ arúgbó ló ṣẹ́ kù sílé láìní olùtọ́jú, ọkàn ìyá ló fà á. Ó bẹ Amban pé ẹni tó fi ọlá sílẹ̀ nítorí ìyá tó bí i, kí wọ́n má pè é ní ọ̀daràn."

Amban húkọ́ títí. Ó fi ọwọ́ bo ẹnu, ó ń ronú. Lẹ́yìn náà ó ju ọwọ́ nù.

"Kó máa lọ," ni ògbufọ̀ wí. "Ìyàwó àti ọmọ jẹ́ ti Ọba."

Ara Amban kò yá, kò tún ní kí ẹnikẹ́ni nawọ́ sí ẹnikẹ́ni lọ́jọ́ náà. Bí Ismatulla ṣe di ọmọ abẹ́ Ọba nìyẹn, tí Mirsharip sì di ẹni tí ń dẹrù.

Lẹ́nu ibodè, àwọn ẹ̀ṣọ́ ń tú ìbòjú wò kí obìnrin kankan má bàa yọ́ jáde. Mirsharip gbé Aynisa mọ́ra, ọmọ náà ń fi ìjánu ẹṣin ṣeré.

"Arúgbó lẹ yàn," ni Nurbuvi wí. "Ẹ fi mí sílẹ̀."

"Ká ní mo nawọ́ sí i, irú ọkùnrin wo lò bá máa gbé oúnjẹ fún?"

"Èyí tó wà nílé."

Mirsharip pe Ìmáàmù àdúgbò àti ọkùnrin méjì, ó sì sọ níwájú wọn pé bí ààwẹ̀ Ramadan bá yípo lẹ́ẹ̀mẹrin tí òun kò dé, kí Nurbuvi ka ara rẹ̀ sí obìnrin tí kò lọ́kọ, kó fẹ́ ẹni tó bá wù ú. Nurbuvi gba ọmọ rẹ̀ lọ́wọ́ rẹ̀. Kò dúró wo bí ọ̀wọ́ ràkúnmí ṣe lọ.

Àwọn ọdún tó tẹ̀ lé e le. Ismatulla ń kan ilẹ̀kùn, ó ń gbé igi ìdáná wá, Nurbuvi kì í sì í ṣí i. Arúgbó a fi igi sílẹ̀ lójúde, a máa lọ. Hoshur ń bá Nurbuvi sọ̀rọ̀ akọ̀wé kan tó ń wá ìyàwó.

"Ọkọ tó wà lókè ọ̀hún kì í tún òrùlé ṣe," ni Hoshur máa ń wí.

"Òrùlé mi ò jò, Bàbá."

"Ó ń jò. Mo wà lábẹ́ rẹ̀ báyìí."

Tíì di ohun tí wọ́n ń fi ẹ̀mí wá ní òdìkejì òkè. Ní ìgbà ìwọ́wé kan, ogun tún kọjá òkè wá, àwọn oníṣòwò tí wọ́n lé jáde wà nínú rẹ̀ pẹ̀lú ìbọn. Àwọn ará Ṣáínà ti ara wọn mọ́ inú ìlú tuntun. Iná ń jó lẹ́yìn odi. Nurbuvi gun orí ilé, ó ń wo èéfín, ó ń rò ó bóyá ọkọ òun wà lára àwọn tó ń yìnbọn sí ìlú tí ọmọ òun wà. Inú ìlú àtijọ́ náà kò gbẹ́yìn. Àwọn kan kó kùmọ̀, wọ́n ń wọ ilé kiri, wọ́n ní àwọn ń wá ẹni tó bá ará Ṣáínà jẹun.

Ìgbà náà ni Tunsa dé ẹnu ilẹ̀kùn rẹ̀, ó di ọmọ rẹ̀ mú, ẹsẹ̀ rẹ̀ wà nílẹ̀ láìní bàtà. Nurbuvi fà wọ́n wọlé, ó mú àlùmọ́gàjí, ó gé irun ọmọ náà mọ́lẹ̀ pátápátá, ó ju irun náà sínú ààrò, ó sì dé fìlà fún ọmọ náà. Nígbà tí àwọn oníkùmọ̀ dé, ó ṣílẹ̀kùn fúnra rẹ̀.

"Ta ni obìnrin yìí?"

"Ẹ̀gbọ́n mi."

"Ọmọ yìí ńkọ́?"

"Ará Andijan tí wọ́n lé lọ ló bí i. Ẹ bi gbogbo àdúgbò bóyá wọn ò lé ará Andijan kúrò nílé yìí. Ẹ bá mi béèrè lọ́wọ́ àwọn ará Andijan, bí wọ́n bá wọ̀lú, ta ló máa bọ́ ọ."

Wọ́n wo ọmọ náà, wọ́n wo ara wọn, wọ́n lọ. Tunsa jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ lẹ́yìn ilẹ̀kùn.

"Mi ò tíì dárí jì ẹ́," ló wí.

"Mo mọ̀. Wá jẹun."

Ogun náà kò rí ìlú gbà. Jia yè é nínú ìlú tuntun. Àmọ́ Ọba Ṣáínà ti rí i pé owó ogun pọ̀ ju èrè tíì lọ, àwọn aṣojú sì ń lọ, wọ́n ń bọ̀, títí akéde fi tún dúró lẹ́nu ọ̀nà mọ́sáláṣí. Wọ́n ní kí àwọn ará Andijan padà wá. Wọ́n ní kí wọ́n máa ra tíì bó ṣe wù wọ́n, wọn kò tilẹ̀ ní san owó ibodè.

"Ìjọba yìí," ni Hoshur wí, kò sì parí ọ̀rọ̀ náà, torí olórí àdúgbò ṣì ni.

Mirsharip dé nígbà ìrúwé. Ramadan kẹrin ti kọjá. Ó kanlẹ̀kùn, Aynisa ló ṣí i, ó wo ọkùnrin onírùngbọ̀n eérú náà láti òkè délẹ̀.

"Ìyá mi ò gba àlejò ọkùnrin," ló wí, ó sì ti ilẹ̀kùn.

Nurbuvi gbọ́ ohùn tó dáhùn níta. Ó dúró láàrin àgbàlá, ọwọ́ rẹ̀ kún fún ìyẹ̀fun. Kò jáde. Bí òfin bá ni, ọkùnrin yẹn kì í ṣe ọkọ rẹ̀ mọ́.

Lọ́jọ́ kejì, Ismatulla ló wá kanlẹ̀kùn. Fún ìgbà àkọ́kọ́, Nurbuvi ṣí i fún un. Arúgbó náà ti tẹ̀. Ó gbé búrẹ́dì àti iyọ̀ dání, bí àwọn alárinà ṣe ń ṣe.

"Ọmọ mi, wọ́n rán mi."

"Ẹni tó rán yín kò lẹ́sẹ̀?"

"Ó ní ẹsẹ̀. Ẹ̀rù ń bà á." Ó jókòó. "Ìyá rẹ̀ ti kú. Wọ́n fi ọmọbìnrin kan lọ̀ ọ́ ní Andijan, kò fẹ́ ẹ. Wọ́n fún un níbọn, kò tẹ̀ lé wọn wá sógun, wọ́n sì fìyà jẹ ẹ́ fún un. Mo mọ̀ pé èmi ló yẹ kí n lọ lọ́jọ́ yẹn."

"Mo gbàdúrà kó nawọ́ sí yín," ni Nurbuvi wí. "Mo dúró ti ògiri, mo ń gbà á ládùúrà."

"Èmi náà rò pé á nawọ́ ni. Mo ti ń ka kálímà."

Nurbuvi bu tíì fún un, ó fi wàrà sí i.

"Ẹ lọ sọ fún un," ló wí, "pé ọ̀dọ̀ Bàbá Hoshur ló ti máa tọrọ mi, bí ẹni tí kò rí mi rí. Níwájú Kádì, ó máa gbà á pé lọ́jọ́ tó bá tún kọjá òkè láìsí èmi, lọ́jọ́ náà gan-an ni mo di obìnrin tí kò lọ́kọ. Kì í ṣe ọdún mẹ́rin mọ́. Bó bá gbà, ó gbà. Bí kò bá gbà, ẹ bá mi dá búrẹ́dì yẹn padà fún un."

Mirsharip gbà. Kádì so wọ́n pọ̀ lẹ́yìn ìrun Àsárì, Tunsa jókòó láàrin àwọn obìnrin pẹ̀lú ọmọ rẹ̀. Ó tó oṣù bíi mélòó kan kí Aynisa tó lè pe ọkùnrin náà ní bàbá. Ẹlòmíràn ló ń bá Mirsharip kó tíì kọjá òkè láti ìgbà náà. Òun fúnra rẹ̀ kò gun òkè náà mọ́. Nígbà míì, Nurbuvi máa ń jí kó rí i tó jókòó lórí pèpéle, tó kọjú sí ìwọ̀ oòrùn, síhà Andijan. Kì í bi í ní ohun tó ń wò. Á gbé tíì lọ bá a, á jókòó tì í títí yóò fi mu ún tán.